Lẹ́tà ṣíṣí sí ẹ̀yin aláwàdà Òṣogbo tí ẹ ń ṣe ààrẹ ilẹ̀ òkèèrè

Ẹ̀yin ọmọ Òròkí Asálà, ẹ̀yin tí ẹ ń fi fóònù ya eré káàkiri ìlú aró, ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ kú ìnáwó dátà, ẹ kú ìnáwó epo jẹnẹrétọ̀.

Iṣẹ́ kan náà ni àwa tí a kọ lẹ́tà yìí pẹ̀lú yín jọ ń ṣe. Ẹni tó ń kọ eré wà nínú wa, ẹni tó ń gé fídíò wà níbẹ̀, lọ́yà náà kò gbẹ́yìn. Ohun tó mú wa kọ ọ́ ni pé àwàdà nípa àwọn olórí ilẹ̀ òkèèrè ti pọ̀ lọ́wọ́ yín báyìí. Ẹnìkan á fi àtàṣímẹ́ǹtì yẹ́lò borí, á so táì pupa tó fẹ́rẹ̀ẹ́ kan orúnkún, ó di Trump. Ẹlòmíràn á to tábìlì búkà mẹ́ta pọ̀, á jókòó sí ìpẹ̀kun kan, ó di Putin. Àlejò tó bá fẹ́ gba iyọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, ọ̀kadà ló máa gùn. (Tábìlì tí Putin fi gba Macron, ààrẹ Faransé, lálejò ní oṣù Kejì 2022 gùn tó mítà mẹ́fà, ẹ ò purọ́ púpọ̀.) Ó ń pa wá lẹ́rìn-ín. A ò ní kí ẹ má ṣe é. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo la bá wá: ohun tí olórí náà fi agbára rẹ̀ ṣe ni kí ẹ mú, ẹ fi ara rẹ̀, ìyá rẹ̀ àti ẹ̀sìn rẹ̀ sílẹ̀. Ibi tí ọ̀rọ̀ ti ń di wàhálà sí aláwàdà lọ́rùn, ibẹ̀ náà ni eré ti sábà máa ń sú òǹwòran.

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé ọ̀dọ̀ òyìnbó lẹ ti kọ́ ọ. Ní oṣù Kejì 1826, ará Scotland kan, Hugh Clapperton, wà ní Ọ̀yọ́-Ilé, àlejò Aláàfin ni. Eégún aláré jáde fún un. Ìpele mẹ́ta ni eré náà: àwọn tó kó sínú àpò jó lákọ̀ọ́kọ́, òjòlá tẹ̀ lé e, òyìnbó ló kẹ́yìn. Clapperton kọ gbogbo rẹ̀ sínú ìwé ìrìnàjò rẹ̀ tí wọ́n tẹ̀ jáde ní 1829, nígbà tí òun fúnra rẹ̀ ti kú. Ó ní òyìnbó inú eégún yìí funfun bí ìda, ó rù, òtútù ń pa á. Ó ń fín aṣáà, ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ kan ra ìkejì. Tó bá fẹ́ rìn, á máa gbé ẹsẹ̀ kẹ̀lẹ́kẹ̀lẹ́ bí ẹni tí kò fi ẹsẹ̀ lásán tẹ ilẹ̀ rí láyé. Àwọn èrò ń wo ojú àlejò, wọ́n ń bẹ̀ ẹ́ pé kó fara balẹ̀ wò ó dáadáa. Clapperton ní òun ṣe bí ẹni tí inú rẹ̀ dùn bíi tiwọn, ó sì gbà pé òṣèré náà mọ iṣẹ́ rẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká dúró síbẹ̀ díẹ̀. Aṣáà, àtẹ́lẹwọ́, ẹsẹ̀: ìṣe mẹ́ta ni eégún yẹn mú wá sójú agbo, kò sì sí èébú kan nínú wọn. Ẹni tó ṣe é ti wo òyìnbó, ó wò ó fínnífínní, ó mọ ohun tí òyìnbó ń ṣe tí òyìnbó fúnra rẹ̀ kò mọ̀ pé òun ń ṣe. Àwọn alárìnjó ní eégún Tápà, wọ́n ní ti Ìdàhòmì àti ti Gàm̀bàrí, ogun sì ti wà láàárín àwa àti àwọn kan nínú wọn. Síbẹ̀, ìrìn àlejò àti ìṣesí rẹ̀ ni wọ́n fi ń ṣeré.

Nítorí náà, kí ẹ tó kọ ọ̀rọ̀ ẹnu kankan, ẹ wá fídíò olórí tí ẹ fẹ́ ṣe, ẹ pa ohùn rẹ̀ pátápátá, ẹ wò ó fún ogún ìṣẹ́jú. Ẹ kọ ìṣe márùn-ún sílẹ̀, kí ẹ wá yọ méjì tí aláwàdà gbogbo ti lò gbó kúrò. Ti Trump, gbogbo ayé ló ti ṣe irun. Bó ṣe máa ń gbé ìwé tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fọwọ́ sí sókè, tí á yí i sọ́tùn-ún sósì kí kámẹ́rà rí i, èèyàn díẹ̀ ló ń ṣe é dáadáa, bẹ́ẹ̀ iṣẹ́ ìjọba gan-an ló wà nínú ìṣe yẹn. Ẹ má fi àtíkè tàbí ẹfun kun ojú pátápátá. Tí ojú bá ti funfun báláú, òǹwòran kò ní wo ohun tí ọwọ́ ń ṣe mọ́.

Ìyàtọ̀ láàárín iṣẹ́ àti ara, Jámánì la ti rí i kedere jù, torí ọ̀sẹ̀ méjì péré ló wà láàárín eré méjì. Ní ọjọ́ 17 oṣù Kẹta 2016, ètò àwàdà kan lórí tẹlifíṣọ̀n NDR gbé orin kékeré kan jáde nípa Ààrẹ Erdoğan ti Tọ́kì. Àwọn oníròyìn tí ọwọ́ ìjọba rẹ̀ bà, àwọn obìnrin tí ọlọ́pàá lù níbi ìwọ́de, ààfin ńlá tó kọ́: ìyẹn ló wà nínú orin náà. Tọ́kì ránṣẹ́ pe aṣojú Jámánì, wọ́n ní kí wọ́n pa á rẹ́. Ìjọba Jámánì kò dá sí i. Àwọn aláwàdà yẹn kúkú kọ ìtumọ̀ èdè Tọ́kì sí abẹ́ rẹ̀, wọ́n tún un gbé síta.

Ọjọ́ 31 oṣù náà ló kan aláwàdà mìíràn, Jan Böhmermann, lórí ZDFneo, tẹlifíṣọ̀n iléeṣẹ́ ZDF. Ewì ló kà nípa Erdoğan yìí kan náà, ṣùgbọ́n òórùn ara, nǹkan ọkùnrin àti ìbálòpọ̀ pẹ̀lú ewúrẹ́ ló kún inú rẹ̀. Kó tó kà á, ó ti ṣàlàyé pé àpẹẹrẹ ohun tí òfin kò gbà ni òun fẹ́ fi han aráyé. Ọgbọ́n wà níbẹ̀, ẹ má wulẹ̀ bú u. Àmọ́ nígbà tí fídíò bẹ̀rẹ̀ sí í rìn, ewì nìkan ló ń lọ, àlàyé kò bá a lọ. ZDF yọ ọ́ kúrò lọ́jọ́ kejì. Òfin kan wà ní Jámánì nígbà náà, abala 103, tó fi bíbú olórí ilẹ̀ òkèèrè ṣe ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀daràn, ìjọba sì gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i kí ẹjọ́ tó lè lọ. Angela Merkel, olórí ìjọba Jámánì nígbà náà, fọwọ́ sí i ní ọjọ́ 15 oṣù Kẹrin. Nígbà tó di oṣù Kẹwàá, agbẹjọ́rò ìjọba ní Mainz pa ẹjọ́ ọ̀daràn náà tì, ṣùgbọ́n kóòtù Hamburg ti ka ìlà 18 nínú 24 léèwọ̀. Ìlà tó sọ bí Erdoğan ṣe ń ni àwọn ẹ̀yà Kurd lára wà lára mẹ́fà tí kóòtù fi sílẹ̀. Ti ewúrẹ́ lọ. Ẹ rí i pé kóòtù náà fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣe iṣẹ́ ẹni tó ń gé fídíò.

Ẹ̀yin tí ẹ ń gé fídíò, ọ̀rọ̀ yín ló kàn. Ní oṣù Kejì 1987, Rudi Carrell, aláwàdà orí tẹlifíṣọ̀n Jámánì, mú àwòrán àwọn èrò tó ń yẹ́ Ayatollah Khomeini, olórí Iran nígbà náà, sí, ó so ó mọ́ àwòrán mìíràn, ó wá dà bíi pé àwọ̀tẹ́lẹ̀ ni àwọn obìnrin ń jù sí i. Kò tó ìdajì ìṣẹ́jú. Iran lé àwọn aṣojú Jámánì jáde, wọ́n ti ilé àṣà Jámánì tó wà ní Tehran pa, Carrell sì tọrọ àforíjì. Ohun méjì ló pàdé níbẹ̀: wọ́n fi ara ìlú tòótọ́ sínú ohun tí wọn ò ṣe, wọ́n sì fi ẹ̀sìn kún un. Lóde òní, ẹnikẹ́ni lè ṣe irú rẹ̀ lórí fóònù láàárín ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Tí ẹ bá máa lo fídíò ìròyìn gidi, ẹ jẹ́ kó dá dúró: kó parí, kí ojú fóònù ṣókùnkùn díẹ̀, kí eré tiyín tó wọlé. Ẹ má fi èrò gidi ṣe òṣèré.

Ti ohùn tí ẹ̀rọ AI ń ṣe tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní oṣù Kìíní 2024, ọjọ́ méjì péré kí wọ́n tó dìbò abẹ́lé ní New Hampshire, ẹ̀rọ pe àwọn olùdìbò pẹ̀lú ohùn Joe Biden, ààrẹ Amẹ́ríkà nígbà náà, tó ń ní kí wọ́n má jáde. Ohùn ayédèrú ni. Onídán kan ni wọ́n san dọ́là 150 fún láti ṣe é. Onídán gidi ni, kì í ṣe àpọ́nlé. Ẹni tó gbé iṣẹ́ náà fún un, FCC, àjọ tó ń ṣàkóso ìbánisọ̀rọ̀ ní Amẹ́ríkà, bu owó ìtanràn mílíọ̀nù mẹ́fà dọ́là lé e lórí. Òun náà kò sọ pé àwàdà ni, àmọ́ ẹ̀rọ tó lò náà ló wà lọ́wọ́ yín. Ìmọ̀ràn wa kò ní àbùlà: ẹ fi ẹnu ara yín ṣe ohùn. Ohùn tí kò jọ tán gan-an ló ń pa èèyàn lẹ́rìn-ín, èyí tó bá jọ jù, ẹ̀rù ló ń dá. Tí ẹ bá sì lò AI, TikTok àti YouTube ní bọ́tìnnì tí ẹ gbọ́dọ̀ tẹ̀ láti fi hàn pé ẹ̀rọ ló ṣe é.

Àkọlé "ÀWÀDÀ NI" wá ńkọ́? Ọ̀pọ̀ yín ń fi í sí ìparí. Ẹni tó bá gé fídíò yín sórí sítátọ́ọ̀sì kò ní gé ìparí kún un. Àwọn mìíràn kọ ọ́ sínú ọ̀rọ̀ tó wà nísàlẹ̀ fídíò. Bí ẹnìkan bá ti gbà á sórí fóònù tó fi ránṣẹ́ sí àwọn ará ilé lórí WhatsApp, ọ̀rọ̀ yẹn ti já. Inú àwòrán fúnra rẹ̀ ni kó wà, láti ìṣẹ́jú-àáyá àkọ́kọ́ dé ìkẹyìn, nínú gbogbo ṣọ́ọ̀tì. Ẹ má fi sí ìsàlẹ̀, ọ̀rọ̀ ojú-ewé á bò ó. Ẹ má fi sí apá ọ̀tún, bọ́tìnnì á gùn ún. Ẹ sún un sísàlẹ̀ díẹ̀ láti òkè, lápá òsì, lẹ́tà yẹ́lò lórí ọ̀já dúdú, kó tóbi tó èyí tí ẹni tó ń wò ó lórí fóònù kékeré nínú kórópe lè kà. Ẹ kọ ọjọ́ tí ẹ ṣe é sí abẹ́ rẹ̀. Fídíò àná tó padà jáde lọ́jọ́ tí ogun bẹ́ sílẹ̀ ti ba orúkọ ọ̀pọ̀ jẹ́.

Lọ́yà inú wa ní kí a má gbàgbé tirẹ̀. Òfin Ìwà Ọ̀daràn wa, Criminal Code Act, ní abala kan tí èèyàn kì í sábà dárúkọ, abala 60. Ó ní ẹni tó bá gbé ìwé tàbí àwòrán jáde, tó lè sọ olórí ilẹ̀ òkèèrè di ẹni ìkórìíra tàbí ẹni ẹ̀gàn lójú àwọn ará ìlú olórí náà, lè fi ẹ̀wọ̀n ọdún méjì jura, àyàfi tó bá ní àwáwí tó lè gba ènìyàn sílẹ̀ nínú ẹjọ́ ìbanilórúkọjẹ́ lásán. Ìgbà ìjọba amúnisìn ni òfin náà ti wá. Faransé ní irú rẹ̀. Kóòtù ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ti Yúróòpù dá wọn lẹ́bi ní 2002 nínú ẹjọ́ ìwé ìròyìn kan tó kọ̀wé nípa Morocco, wọ́n pa á rẹ́ ní 2004. Jámánì pa abala 103 tiwọn rẹ́ láti ọjọ́ kìíní 2018, ariwo ewì yẹn ló fà á. Tiwa ṣì wà nínú ìwé. Ó yẹ kí àwọn aṣòfin Àbújá wò ó, àmọ́ lẹ́tà tiwọn nìyẹn.

Kí ni ẹ máa fi abala 60 ṣe? Ẹ máa pa ẹ̀rí mọ́. Àwáwí inú ẹjọ́ ìbanilórúkọjẹ́ dúró lórí pé ohun tí ẹ sọ jẹ́ òótọ́, tàbí pé èrò tí ẹ sọ dúró lórí òótọ́ tí gbogbo ayé mọ̀. Fún eré kọ̀ọ̀kan, ẹ ṣí fódà kan: eré tí ẹ kọ, fídíò tí ẹ kò tíì gé, àti ìròyìn méjì ó kéré tán tó sọ ohun tí olórí náà ṣe, pẹ̀lú ọjọ́ rẹ̀. Ewì ewúrẹ́ kò lè ní irú fódà yẹn, ẹ ò rí i?

Òfin Cybercrimes ti 2015 náà wà níbẹ̀. Abala 24 rẹ̀ ti mú ọ̀pọ̀ tẹ́lẹ̀, torí ó ka "ìbínú" àti "èébú" pàápàá sí ẹ̀ṣẹ̀. Wọ́n tún un ṣe ní 2024, ó wá dín kù sí àwòrán oníhòòhò àti irọ́ tí ẹni tó pa á mọ̀ pé irọ́ ni, tó fi fẹ́ dá ìlú rú tàbí fi ẹ̀mí sínú ewu. Ìròyìn rere kan tí ẹ lè má tíì gbọ́: Copyright Act ti 2022 dárúkọ àwàdà àfarawé àti ẹ̀fẹ̀ lára ohun tí èèyàn lè fi iṣẹ́ ẹlòmíràn ṣe láìgba àṣẹ, bí kò bá ti kọjá ààlà. Ẹ̀rọ tó ń ṣọ́ orin lórí YouTube kò ka òfin yẹn o, á kàn pa ohùn yín.

Bí ẹ bá gbàgbé gbogbo èyí, ẹ má gbàgbé Harare, olú ìlú Zimbabwe. Ní oṣù Kọkànlá 2011, Nando's, iléeṣẹ́ aládìyẹ ti South Africa, ṣe ìpolówó kan nípa Robert Mugabe, ààrẹ Zimbabwe nígbà náà: bàbá náà jókòó nìkan sídìí tábìlì ọdún, ó ń rántí ìgbà tí òun àti Gaddafi ń fi ìbọn omi ṣeré, tí òun àti Saddam Hussein dùbúlẹ̀ tí wọ́n ń fi apá àti ẹsẹ̀ ya áńgẹ́lì sínú yanrìn. Kò sí èébú kankan níbẹ̀. Kódà ó fẹ́rẹ̀ẹ́ mú àánú bàbá náà ṣeni. Ó wà lára èyí tó dára jù tí a mọ̀. Síbẹ̀ wọ́n yọ ọ́ kúrò láàárín ọjọ́ díẹ̀. Johannesburg ni àwọn tó ṣe é wà, wọ́n ń sùn, wọ́n ń jí. Ṣùgbọ́n Nando's ní ilé oúnjẹ ní Zimbabwe, àwọn jàǹdùkú tó ń ti Mugabe lẹ́yìn sì bẹ̀rẹ̀ sí í halẹ̀ mọ́ àwọn tó ń sun adìyẹ níbẹ̀ àtàwọn tó ń wá rà á. Kí ẹ tó gbé fídíò síta, ẹ bi ara yín: ta ni tiwa tó wà lábẹ́ ọwọ́ olórí yìí? Tí ẹ̀gbọ́n yín bá ń ṣiṣẹ́ ní Dubai tàbí tó ń kàwé ní Istanbul, ẹ má ṣe taagi rẹ̀, ẹ má ní kó pín in, ẹ má fi fọ́tò rẹ̀ sí i. Ní Tọ́kì, abala 299 fi ẹ̀wọ̀n ọdún kan sí mẹ́rin de ẹni tó bá bú ààrẹ. Àwàdà tiyín ni. Ọrùn ẹ̀gbọ́n yín kọ́ ló yẹ kí wàhálà rẹ̀ já lé.

Tí ariwo bá ti bẹ̀rẹ̀, ẹ má sáré pa fídíò rẹ́. Ẹ kọ́kọ́ fi í pamọ́ síbi méjì, kí ẹ ya fọ́tò ojú-ewé pẹ̀lú ọjọ́ àti iye ènìyàn tó ti wò ó, kí ẹ tó pinnu. Ẹ má fi ìbínú ṣe fídíò èsì lóru. Tó bá jẹ́ pé òótọ́ kan lẹ ṣì sọ, ẹ tún un ṣe lójú-ewé kan náà, pẹ̀lú gbólóhùn kan, kí ẹ má bẹ̀bẹ̀ fún àwàdà fúnra rẹ̀. Bí ọlọ́pàá bá pè yín, ẹ pe lọ́yà kí ẹ tó ju fóònù sílẹ̀ fún ẹnikẹ́ni. Kí gbogbo èyí tó ṣẹlẹ̀ rárá, ẹ ti tan ìdánimọ̀ ẹlẹ́ẹ̀mejì sórí àkáǹtì yín, ìyẹn kí ó máa bèèrè ẹ̀rí kejì lẹ́yìn ọ̀rọ̀ ìwọlé. Iléeṣẹ́ Sony ṣe fíìmù àwàdà nípa pípa Kim Jong-un, olórí North Korea, ní 2014, orúkọ rẹ̀ gan-an ni wọ́n lò. Ní oṣù Kọkànlá ọdún yẹn àwọn adìgunjalè orí kọ̀ǹpútà wọlé sí wọn lára, wọ́n tú ímeèlì àwọn òṣìṣẹ́ síta, FBI sì ní North Korea ló rán wọn. Àwọn tó fi ọ̀rọ̀ ìwọlé kan náà ṣí Facebook, TikTok àti báǹkì wọn, ẹ gbọ́ o.

Ká má baà jẹ́ ẹlẹ́nu lásán, ẹ gba eré kan lọ́wọ́ wa, ọ̀fẹ́ ni. Ní oṣù Keje 2025, Amẹ́ríkà kéde pé ọ̀pọ̀ físà àlejò tí wọ́n bá fún ọmọ Nàìjíríà kò ní ju oṣù mẹ́ta lọ, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni èèyàn sì lè fi wọlé. Òótọ́ inú eré nìyẹn, ẹ fi ìròyìn rẹ̀ sí fódà.

Òṣèré méjì, àti èèyàn mẹ́rin tó máa tò sílà. Ilé kan ní Òkè-Bálẹ̀, irú èyí tí ṣáláńgá rẹ̀ wà lẹ́yìnkùlé. Àtàṣímẹ́ǹtì yẹ́lò páálí kan, máàkà dúdú kan, píọ̀wọ́tà mẹ́rin. Ṣọ́ọ̀tì méje, àádọ́rin ìṣẹ́jú-àáyá, kó má jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ààrẹ jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Àlejò dé pẹ̀lú kúlà lọ́wọ́, ó dọ̀bálẹ̀, Ààrẹ fọwọ́ sí ìwé, ó gbé e sókè fún kámẹ́rà, ó yí i sọ́tùn-ún, ó yí i sósì. Àlejò wọlé, ó jẹ àmàlà, ó mu píọ̀wọ́tà mẹ́ta tẹ̀ lé ara wọn. Kámẹ́rà sún mọ́ orúnkún rẹ̀ méjèèjì tó bẹ̀rẹ̀ sí í pàdé. Ó wo ilẹ̀kùn. Ó wo ìwé ọwọ́ rẹ̀: "Ẹ̀ẹ̀kan." Ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, tí mo bá jáde lọ tọ̀ ńkọ́?" Ààrẹ kò dá a lóhùn. Ó kàn na ìka sí ìta, síbi tí èèyàn mẹ́rin ti tò pẹ̀lú fáìlì lọ́wọ́ nínú oòrùn. Àlejò padà jókòó, ó ká ẹsẹ̀ kan lé ìkejì, ó rọra fi ọwọ́ ti píọ̀wọ́tà kẹrin sẹ́yìn.

Ẹ jẹ́ kí kámẹ́rà wà lójú rẹ̀ fún ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́ta. Kó má sọ nǹkan kan. Ẹ gé e síbẹ̀.